Ẹni Tó Ń Jẹun Níwájú Mọ́tò

Ọjọ́ tí Wofa Asiamah gbé àwo fùfú rẹ̀ lọ sáàárín títì, tó jókòó síwájú mọ́tò tó ń ti orí òkè sọ̀ bọ̀, kò sí ẹni tí kò rántí rẹ̀ ní Mpraeso, ìlú orí òkè Kwahu ní Gánà, títí kan àwọn tí a kò tíì bí nígbà yẹn.

Ọ̀sẹ̀ Àjíǹde ni. Lọ́sẹ̀ yẹn, gbogbo ọmọ Kwahu tó wà ní Accra, ní Kumasi, títí dé ìlú òyìnbó, ni wọ́n ń gun òkè wálé, mọ́tò tó bá sì gòkè, dandan ni kó sọ̀ kalẹ̀ padà. Ọkùnrin kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Jámánì dé gbé mọ́tò kékeré aláwọ̀ ewé kan wá sí ṣọ́ọ̀bù mẹkáníìkì Wofa, ó ní kí wọ́n bá òun pààrọ̀ páàdì bíréèkì iwájú. Wofa pààrọ̀ rẹ̀. Ọkùnrin náà wo iṣẹ́, ó wo Wofa, ó wo ṣòkòtò tí epo ti sọ di dúdú, ó ní, "Bàbá, ní Jámánì, ẹ̀rọ ni wọ́n fi ń yẹ bíréèkì wò kí mọ́tò tó kúrò ní ṣọ́ọ̀bù. Ẹ̀yin ńkọ́, kí lẹ fi ń yẹ̀ ẹ́ wò?"

"Èmi," ni Wofa dáhùn.

Ó wọlé, ó gbé àga rẹ̀, ó gbé fùfú àti ọbẹ̀ ewúrẹ́ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ bù fún un, ó sọ̀ lọ sí ìsàlẹ̀ gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀bù, ó jókòó sáàárín títì, ó fọwọ́, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun. "Máa bọ̀!" ló kígbe. "Má rọra wá o! Wá bí ẹni tí àna rẹ̀ ń lé!"

Òógùn bo ará Jámánì, ó wọ mọ́tò, ó wà á sọ̀ bọ̀. Boadiwaa, ọmọṣẹ́ Wofa, tí kò tíì pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́nu iṣẹ́ nígbà náà, fi àkísà ọwọ́ rẹ̀ bojú. Ó gbọ́ táyà, ó gbọ́ *gììì*, lẹ́yìn náà kò gbọ́ nǹkan kan mọ́. Nígbà tó ṣí ojú, imú mọ́tò kò jìnnà sí àwo ju ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta lọ. Wofa gbé òkèlè mì, ó wo mọ́tò, ó wo ọbẹ̀.

"Sún un sẹ́yìn díẹ̀," ó ní. "Òjìji rẹ̀ ti ń bọ́ sínú ẹran mi."

Wofa ni wọ́n ń pe arákùnrin ìyá ẹni. Boadiwaa nìkan, ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, ló lẹ́tọ̀ọ́ láti pè é bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n gbogbo ìlú ti bá a pín in. Lẹ́yìn ọ̀rọ̀ fùfú yìí ni wọ́n wá fi Gyina kún un, ìyẹn "Dúró". Orúkọ náà dùn mọ́ ọn ju orúkọ ìsàmì rẹ̀ lọ. Bó bá ń kọjá tí àwọn awakọ̀ pariwo "Gyina!", á dúró gbọin lójú kan, á ka ení, èjì, ẹ̀ta, kó tó tún gbẹ́sẹ̀, kí wọ́n lè rí i pé bíréèkì tòun náà ń ṣiṣẹ́. Ọdún kẹta rèé tó ti papòdà, àwọn awakọ̀ kò sì tíì rí ẹlòmíràn tí wọ́n lè pe orúkọ náà mọ́.

"Mẹkáníìkì méjì ló wà láyé yìí," ló máa ń sọ. "Ọ̀kan ń mú mọ́tò rìn, ìkejì ń mú un dúró. Kí mọ́tò rìn, kí ló le níbẹ̀? Ẹ tì í láti orí òkè yìí, ewúrẹ́ pàápàá á wà á dé Nkawkaw nísàlẹ̀. Ìdúró niṣẹ́!"

Ìdúró yìí gan-an ni kò sì jẹ́ kí Boadiwaa fọwọ́ kàn. Ọdún mọ́kànlá ni obìnrin yìí fi wà ní ṣọ́ọ̀bù náà. Ó lè tú ẹ́ńjìnnì palẹ̀ kó sì tún un tò pa dà. Àwọn awakọ̀ ń ti Nkawkaw gòkè wá bá a nítorí gíà. Ṣùgbọ́n bí mọ́tò bá ti wọlé nítorí bíréèkì, Wofa á na ọwọ́, á ní, "Gbé sípánà wá, kí o sì sún sẹ́yìn." Boadiwaa á sún sẹ́yìn, á máa wo ọwọ́ rẹ̀ bí ológbò ṣe ń wo ẹni tó ń gé ẹja. Kò sí ohun tí kò mọ̀ níbẹ̀. Kí wọ́n ṣáà sọ pé "ó yá" ló kù. Lórí òkè Kwahu, mẹkáníìkì tí kò bá lè fọwọ́ kan bíréèkì, ọmọṣẹ́ ni yóò máa jẹ́ títí yóò fi hu ewú.

Ntiri awakọ̀ takisí, ẹlẹ́nu bí abẹ, kò jẹ́ kó gbàgbé.

"Àǹtí Boadiwaa, ṣé wọ́n ti jẹ́ kí ẹ gbóòórùn páàdì lónìí?"

"Ọjọ́ tí wọ́n bá jẹ́ kí n fọwọ́ kàn án, ẹnu rẹ ni màá kọ́kọ́ fi bíréèkì sí!"

Nígbà tó sú u, ó bi ìyá rẹ̀ pé kí ni òun ṣe fún àbúrò wọn yìí gan-an. Ìyá rẹ̀ ń bó ọ̀gẹ̀dẹ̀ lọ́wọ́, kò tiẹ̀ gbójú sókè. "O ò ṣe nǹkan kan fún un. Bó bá gbé bíréèkì fún ọ, kí ni yóò máa jí ṣe láàárọ̀?"

Ṣùgbọ́n iṣẹ́ náà dùn-ún wò, kí á má purọ́! Bó ṣe ń yan páàdì nìkan tó ìran. Á gbé ògbólógbòó àti tuntun síra wọn bí ìbejì, kó rí i pé etí wọn dọ́gba. Á fi èékánná ha á: èyí tó bá rọ̀ jù, bó bá gbóná nídàajì òkè, kò ní í di nǹkan mú mọ́, èyí tó bá le jù, á máa jẹ dísìkì, irin róbótó tó ń bá táyà yí, á sì máa ké bí ẹlẹ́dẹ̀. Á gbóòórùn rẹ̀. Á gbé e sétí, á fi ìdí sípánà kàn án, á di ojú, bí ẹni tó ń gbọ́ ìròyìn ilé.

Obiri, tó ń ta páàtì mọ́tò ní Nkawkaw, gbé páàdì tuntun kan gòkè wá lọ́jọ́ kan. Páálí rẹ̀ ń dán yinrin. Ó ní irú rẹ̀ kò sí ní gbogbo Gánà. Wofa kò bá a jiyàn. Ó bu omi sínú abọ́, ó ju ọ̀kan sí i, ó ní kí Obiri jókòó kí wọ́n jọ tàkúrọ̀sọ. Kí wọ́n tó sọ̀rọ̀ iṣu, tí wọ́n sọ̀rọ̀ òjò, tí wọ́n sọ̀rọ̀ àìsàn àna Obiri tán, páàdì ti mu omi, ó ti wú, etí rẹ̀ ti ń re bọ́ sínú abọ́. Wofa fi ṣíbí rò ó.

"Boadiwaa," ó ní, "bá àlejò wa mú ṣúgà àti ẹ̀pà wá. Gàárì rẹ̀ ti rọ̀."

Etí Wofa wá ńkọ́! Bí páàdì bá ti ń jẹ tán, irin kékeré kan wà lára rẹ̀ tó máa ń ha dísìkì kó lè ké fún ẹni tó ń wa mọ́tò. Ẹni tó ń wà á kì í sábà gbọ́. Wofa máa ń gbọ́ ọ láti inú ilé ìdáná.

Ọ̀rọ̀ òróró Ntiri ló fẹ́rẹ̀ẹ́ bà á lórúkọ jẹ́. Ọjọ́ Ẹtì ni Wofa pààrọ̀ páàdì takisí kékeré Ntiri. Ọjọ́ Ajé, takisí náà dé oríta, Ntiri tẹ bíréèkì, mọ́tò kò dá a lóhùn, ó yọ̀ wọ inú òkìtì ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí Maame Dansoaa ń tà. Kò sí ẹni tó fara pa. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ nìkan ló ṣòfò. Kí oòrùn tó kan àtàrí, gbogbo ìlú ti ń sọ pé mọ́tò Gyina kò dúró. Wofa kò jẹun. Ó gbé àpótí irinṣẹ́ rẹ̀ lérí, ó rìn dé oríta, ó tú táyà, ó yọ páàdì, ó fi ìka pa á, ó gbóòórùn ìka náà.

"Ntiri, kí lo fi sí i?"

"Kò sí nǹkan kan, Wofa."

"Ntiri."

"Òróró àdúrà díẹ̀ ni, Wofa. Ìyàwó mi ló ní kí á ya mọ́tò sí mímọ́. A ta sí sítíárì, a ta sí táyà, ó wá ní, 'Bíréèkì ńkọ́? Ṣé òun náà kò fẹ́ ìbùkún ni?'"

Wofa gbé páàdì náà sókè kí gbogbo ọjà lè rí i. "Orí ni wọ́n ń ta òróró sí, Ntiri! Orí! Ẹ̀ ń gbàdúrà pé kí gbogbo ìdíwọ́ ọ̀nà yín yọ̀ kúrò, bẹ́ẹ̀ iṣẹ́ bíréèkì kò ju kó jẹ́ ìdíwọ́ lọ. Àdúrà yín mà gbà o!"

Ọjọ́ yẹn, Boadiwaa mú sípánà dání, ó ní, "Wofa, ẹ jẹ́ kí n bá yín fi tuntun sí i, ó ti rẹ̀ yín." Wofa gba sípánà lọ́wọ́ rẹ̀ bí ẹni gba ọ̀bẹ lọ́wọ́ ọmọdé. "Sún sẹ́yìn," ó ní. Ntiri, tó ń ṣa ọ̀gẹ̀dẹ̀ lọ́wọ́, rẹ́rìn-ín músẹ́. Boadiwaa wò ó títí ẹ̀rín náà fi kú lẹ́nu rẹ̀.

Ọwọ́ Wofa ló kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Ó ní òtútù ni. Òtútù nínú oṣù Ẹrẹ́nà, tí ajá ń wá ibòji! Lẹ́yìn náà ni àyà bẹ̀rẹ̀ sí í dùn ún. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, dókítà tó wá wò ó ní kí wọ́n gbé e sọ̀ kalẹ̀ lọ sí ilé ìwòsàn kan nísàlẹ̀ kí ọ̀sán tó pọ́n. Ntiri gbé takisí wá. Bó ṣe ń wọ àgbàlá, mọ́tò náà ké *kíríì* lẹ́ẹ̀kan. Wofa la ojú lórí ẹní.

"Iwájú, apá òsì," ó ní. "Ó ti jẹ tán. N kò ní í wọ̀ ọ́."

"Wofa, ẹ̀mí yín là ń wí," ni Ntiri bẹ̀ ẹ́.

"Èmi náà, ẹ̀mí mi ni mò ń wí."

Ó ní kí wọ́n gbé òun dé ìdí mọ́tò, òun yóò ṣe é. Ntiri, Boadiwaa àti ìyá rẹ̀ gbé e dé ibẹ̀, wọ́n fi àga sí i nídìí. Boadiwaa fi sípánà lé e lọ́wọ́. Sípánà bọ́. Boadiwaa he é, ó tún fi lé e lọ́wọ́, ó tún bọ́. Ìgbà tó bọ́ lẹ́ẹ̀kẹta, kò sí ẹni tó bẹ̀rẹ̀ he é.

"Wofa," ni Boadiwaa wí, "ẹ jẹ́ kí n ṣe é."

Wofa wo sípánà nílẹ̀. Ó wo ọ̀nà tó sọ̀ kalẹ̀. Ntiri la ẹnu, ó rí ojú Boadiwaa, ó pa á dé.

"Èyí tó wà nínú páálí pupa ni kí o lò," ni Wofa wí níkẹyìn. "Mo ti yàn án sílẹ̀."

Boadiwaa he sípánà nílẹ̀. Ó fi òkúta há táyà ẹ̀yìn, ó dẹ nọ́ọ̀tì, ó gbé jáàkì sí i, ó yọ táyà iwájú méjèèjì, nítorí a kì í pààrọ̀ apá kan kí á fi ìkejì sílẹ̀. Ó ṣí irin tó ń di páàdì mú, ó yọ èyí tó ti jẹ. Ó gbé ti inú páálí pupa, ó ha á, ó gbóòórùn rẹ̀, ó gbé e sétí, ó kàn án. Ohùn rẹ̀ kú. Ó tún kàn án. Ó yí i sí ìmọ́lẹ̀, ó rí ìlà kan tó tín-ín-rín bí irun, níbi tí ara páàdì ti lẹ̀ mọ́ irin ẹ̀yìn rẹ̀.

"Wofa, ọ̀kan nínú èyí ti là."

"Kò là. Èmi ni mo yàn án."

"Ó là, Wofa."

Wofa gbà á. Ó gbé e súnmọ́ ojú, ó gbé e jìnnà. Ó fi àtàǹpàkò pa á. Ìyá Boadiwaa fọwọ́ lé àyà, nítorí gbogbo wọn ti mọ̀ pé kò rí nǹkan kan. Ó gbé e sétí, ó fi ìka kàn án, ó di ojú, ó tún kàn án. Ó na páàdì náà sí Ntiri.

"Jù ú sínú àfonífojì," ó ní. "Jù ú jìnnà, kí Obiri má baà rí i tà."

Boadiwaa mú òmíràn nínú àpótí, ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó dún gooro. Ó fi ọ̀rá sí ibi tí ọ̀rá ń lọ nìkan, ó rọra ti písítìnì, irin tó ń ti páàdì, padà, ó ń ṣọ́ ìgò epo bíréèkì kó má kún àkúnwọ́sílẹ̀, ó dè é, ó dá táyà padà, ó sì ń tẹ bíréèkì títí ó fi le lábẹ́ ẹsẹ̀. Ntiri ṣílẹ̀kùn fún Wofa. Boadiwaa ní rárá, ó kù díẹ̀. Ó wọ mọ́tò, ó gbé e lọ sójú ọ̀nà tó tẹ́jú kí páàdì tuntun lè mọ́ dísìkì lára, ó ń sáré díẹ̀, ó ń tẹ̀ ẹ́, ó ń sáré, ó ń tẹ̀ ẹ́.

"Ìgbà mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni mo máa ń tẹ̀ ẹ́!" ni Wofa pariwo látorí àga.

"Ogún ni tèmi!"

"Ṣé kí n kú síbí ni?"

"Ẹ ò ní í kú síbí, ẹ ò sì ní í kú sọ́nà!"

Wofa yíjú sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀. "Ta ló kọ́ ọmọ yìí ní irú agídí báyìí?"

"Ìwọ ni mo gbé e fún," ni ìyá Boadiwaa dá a lóhùn.

Ntiri ló wa mọ́tò. Wofa jókòó síwájú, Boadiwaa sí ẹ̀yìn, ó ń tẹ́tí. Kọ́nà kan, mọ́tò gbọ́ràn. Kọ́nà kejì, ó gbọ́ràn. Wofa kò dárúkọ bíréèkì. Ó ní àwọ̀ tí wọ́n kun òrùlé ṣọ́ọ̀ṣì burú. Ó ní iṣu ọdún yìí kò ní í tà. Wọ́n bọ́ sí pẹ̀tẹ́lẹ̀, kò dárúkọ rẹ̀. Wọ́n wọ ọgbà ilé ìwòsàn, kò dárúkọ rẹ̀. Boadiwaa jẹ ètè rẹ̀.

Nọ́ọ̀sì kan gbé ìwé sílẹ̀, ó béèrè orúkọ, ó béèrè ọjọ́ orí. "Iṣẹ́ wo lẹ ń ṣe, Bàbá?"

"Mo ti fẹ̀yìn tì."

Ntiri yíjú padà. Boadiwaa yíjú padà.

"Lẹ́nu iṣẹ́ wo? Láti ìgbà wo?"

"Bíréèkì. Láti kọ́nà tó kẹ́yìn tí a gbà lórí òkè yẹn." Ó na ìka sí Boadiwaa. "Òun ló ń ṣe é báyìí. Bí mọ́tò yín kò bá dúró dáadáa, òun ni kí ẹ lọ bá. Èmi ò mọ nǹkan kan mọ́."

Ntiri ló gbé ìròyìn náà gòkè, ẹ sì mọ irú ẹnu tó ní. Kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó mọ́ tán, mọ́tò méje ti tò sẹ́nu ṣọ́ọ̀bù Boadiwaa.

Ọjọ́ mẹ́sàn-án péré ni Wofa lò lẹ́nu ìfẹ̀yìntì rẹ̀ kó tó papòdà. Àwọn nọ́ọ̀sì ní àwọn kò rí irú aláìsàn bẹ́ẹ̀ rí. Ẹni tó bá wá kí i kò tíì ní í béèrè àlàáfíà ara rẹ̀ tí òun yóò ti béèrè pé, "Mọ́tò wo ló gbé ọ wá? Ta ló ṣe bíréèkì rẹ̀?" Bí kò bá jẹ́ Boadiwaa, á ní kí onítọ̀hún má pẹ́, kó gba ṣọ́ọ̀bù lọ tààrà. Bó bá sì jẹ́ Boadiwaa, á rọra sún ẹsẹ̀ rẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì kí àyè lè wà, á ní kí ó jókòó, kí ó má kánjú rárá, pé kò sí ohun tí yóò ṣe é lọ́nà.