Orúkọ Tí Kò Sí Nínú Ìwé Uncle Renzo

Òórùn íńkì ló máa ń kọ́kọ́ pàdé wa lẹ́nu ọ̀nà Uncle Renzo láàárọ̀ Sátidé, kí ti kọfí tó tẹ̀ lé e. Ẹ̀yin tí ìyá yín ṣiṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó ní Thamesmead East, ní Lọ́ńdọ̀nù níbí, ẹ mọ irú àárọ̀ bẹ́ẹ̀. Màmá mi ló ń wẹ̀ ẹ́, tó ń fún un lóògùn. Ọ́fíìsì wọn kò gbà kó mú ọmọ dání, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí yóò fi mí tì. Màá jókòó sẹ́yìn àga baba náà, màá sì panu mọ́.

Ọmọ Ítálì ni Uncle Renzo. Ogójì ọdún ló fi ya ìtàn àwọn ọkọ̀ tó ń lọ sí ayé mìíràn, fún ìwé ìròyìn àwọn ọmọdé kan tó ń jáde lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Àwòrán rẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ọmọ ilẹ̀ yìí fi dàgbà, wọn ò sì mọ orúkọ rẹ̀, torí ilé iṣẹ́ náà kì í jẹ́ kí ayàwòrán kọ orúkọ sí iṣẹ́ ara rẹ̀. Á fi tirẹ̀ pamọ́ sára àpáta tàbí ìlẹ̀kùn ọkọ̀ inú àwòrán náà. Wọ́n á wá a rí, wọ́n á fi ọ̀dà funfun kùn ún. Ó jẹ́ kí n fọwọ́ kan ojú ibẹ̀. Ó ga díẹ̀ ju bébà lọ, bí egbò tó ti jinná. Inú bí mi lọ́jọ́ náà. Ó ṣì ń bí mi.

Nígbà tí mo pé ọmọ ọdún mẹ́wàá, ilé iṣẹ́ náà ní àwọn máa kó ìtàn rẹ̀ jọ sínú ìwé ńlá kan, orúkọ rẹ̀ á sì wà níbẹ̀. Ní Sátidé tí wọ́n fẹ́ gbé e wá, Uncle ní kí Màmá bá òun wọ ẹ̀wù kóòtù. Ọkùnrin kan láti ilé iṣẹ́ náà dé tẹ̀rín-tẹ̀rín, ó gbé ìwé náà lé e lórí itan. Uncle ṣí ojú ewé àkọ́kọ́, ó ṣí ìkejì. Orúkọ ẹni tó kọ ọ̀rọ̀ ìṣáájú wà níbẹ̀. Ti ilé iṣẹ́ wà níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta. Tirẹ̀ kò sí. Ó pa ìwé náà dé, ó ní, "Ó rẹwà."

Èmi ni mo dìde. Mo bi ọkùnrin náà pé, "Orúkọ Uncle dà? Ẹ ṣèlérí fún un. Òpùrọ́ ni yín."

Màmá sáré jáde láti ilé ìdáná. "Tọ́lá, kúnlẹ̀. Tell him sorry. Ṣé o fẹ́ kó lọ report mi ní ọ́fíìsì ni?"

Mo kúnlẹ̀. Ọkùnrin náà kò mọ ohun tí ìkúnlẹ̀ jẹ́; ó ń wo ilẹ̀, ó bi mí bóyá nǹkan bọ́ lọ́wọ́ mi. Nígbà tí mo bẹ̀ ẹ́ tán, ó fọwọ́ pa mí lórí, ó ní mo wuyì. Ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Bí a ṣe ń lọ sílé, Màmá ní, "Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́." Mo mọ̀ pé iṣẹ́ rẹ̀ ló ń bẹ̀rù fún. Ṣùgbọ́n ta ló yẹ kó kúnlẹ̀ nínú yàrá yẹn? Uncle Renzo kú kí ọdún náà tó parí, wọn ò sì tún ìwé náà tẹ̀.

Lónìí, àwòrán ni èmi náà ń yà jẹun, nínú yàrá kan nítòsí Tavy Bridge, ní Thamesmead kan náà. Lóṣù tó kọjá, ilé iṣẹ́ kan fi àdéhùn ránṣẹ́ pé àwọn fẹ́ ìtàn mi, ṣùgbọ́n àwọn ò ní fi orúkọ mi sí i. Mo kà á lẹ́ẹ̀mejì. Mo ro ti ọmọ ọdún mẹ́wàá yẹn, tí kò ní nǹkan kan láyé, tó pe àgbàlagbà lópùrọ́ nítorí arúgbó kan. Lẹ́yìn náà mo gba àdéhùn náà bẹ́ẹ̀, mo kọ orúkọ mi gàdàgbà sí ìsàlẹ̀ rẹ̀, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn.