Ìrèmọ̀jé Inú Fíìmù

Mo rántí ọ̀sán tí mo sun ìrèmọ̀jé sínú fíìmù, tí bàbá mi tí wọ́n jẹ́ ọdẹ sì wà láàyè. Ṣakí ni mo ń gbé nígbà náà, nínú yàrá kan tí mo fi páálí ẹyin bo ògiri rẹ̀ kí ariwo ọ̀kadà má baà wọlé. Èmi ni mo ń ṣe orin fún àwọn tó ń ya fíìmù lágbègbè wa. Bí àjẹ́ ń bọ̀, bí ìyàwó ń sunkún, dùùrù mi lẹ ó gbọ́, ṣùgbọ́n ẹ ò ní rí orúkọ mi níbì kankan.

Olùdarí fíìmù kan wá bá mi pé ọdẹ kan kú nínú eré òun, òun sì fẹ́ ohun tí yóò mú orí òǹwòran wú. Láti kékeré ni mo ti ń gbọ́ ìrèmọ̀jé lẹ́nu bàbá mi, orin tí àwọn ọdẹ fi ń dágbére fún ẹgbẹ́ wọn tó bá kú. Bí kò bá sí òkú ọdẹ nílẹ̀, ẹnikẹ́ni kì í sun ún. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀, àmọ́ mo ti kàwé n'Íbàdàn, mo rò pé èèwọ̀ kì í mú ẹni tó mọ kọ̀ǹpútà lò. Mo tilẹ̀kùn, mo sun ún dáadáa, mo sì gbà á sílẹ̀ sórí fóònù mi.

Mi ò tíì palẹ̀ mọ́ tí ìyá mi fi pè láti Òkèhò.

“Bàbá ẹ ò tíì ti oko ọdẹ dé o. Àná ló yẹ kí wọ́n wọlé. Wọ́n ní ajínigbé wà nínú igbó yẹn.”

Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè ní ń kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mo gun ọ̀kadà lọ sílé, ohùn ara mi ń dún létí mi títí a fi dé. Mi ò lè sọ fún ìyá mi. Bí alùpùpù bá ti dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á dìde, wọ́n á tún jókòó. Mo fẹ́ pa orin náà rẹ́ lórí fóònù, ẹ̀rù bà mí pé bí mo bá pa á rẹ́, bàbá mi náà á parẹ́.

Ọjọ́ kejì, bí wọ́n ṣe ń pe ìrun Alásàrí, bàbá mi tiro wọlé. Inú kòtò odò gbígbẹ ni wọ́n sá pamọ́ sí fún àwọn oníbọn. Ẹkún gbọ̀n mí, mo jẹ́wọ́. Wọ́n gba fóònù, wọ́n fi sétí.

“Ohùn ẹ dùn,” ni wọ́n wí. “Ṣùgbọ́n ta lò ń sun ún fún? O ò pe orúkọ ẹnì kankan. Ìrèmọ̀jé tí ò lórúkọ òkú, orin lásán ni.” Wọ́n dá fóònù padà fún mi. “Má dán an wò mọ́. Ọjọ́ tí mo bá kú, kó o sun ún, kó o sì pe orúkọ mi.”

Bàbá mi ti darúgbó báyìí, wọn ò lọ igbó mọ́. Orin tó ń dẹ́rù ba èèyàn ni mo ṣì fi ń jẹun, síbẹ̀ kò sí èyí tó bà mí lẹ́rù tó kí fóònù dún láti Òkèhò. Mo mọ ìrèmọ̀jé wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Orúkọ náà nìkan ni mi ò láyà láti fi sí i. Ẹ wò ó, mi ò pè é níhìn-ín náà.