Ojú Ta Ló Ba Gémù Ràfíátù Jẹ́?

Ràfíátù kì í ṣe èèyàn burúkú. Ẹ jẹ́ n ti ibẹ̀ bẹ̀rẹ̀, torí inú ń bí mi bí mo ṣe ń sọ ọ́ yìí, ẹnì kan lè rò pé ṣe ni mo fẹ́ ba obìnrin náà lórúkọ jẹ́. Rárá o. Ọ̀rẹ́ mi ni. Àmọ́ ó fẹ̀sùn kàn mí pé ojú mi burú, iwájú àwọn méètì tó ń gbowó ọkọ̀ nínú tròtrò ló sì ti sọ ọ́, àwọn tí wọn ò tíì fọ ẹsẹ̀.

Inú agboolé kan náà la jọ ń gbé ní Cow Lane. Ògbómọ̀ṣọ́ ni bàbá ẹ̀ ti wá, àmọ́ Accra níbí ni wọ́n bí i sí, ibí ló ti lọ́kọ, ibí náà ló ti sin ọkọ. Nígbà tí Ìbráhímù àbúrò ẹ̀ ń lọ sí ìlú òyìnbó, ó gbé ẹ̀rọ gémù ẹ̀ fún un, èyí tí wọ́n fi ń gbá bọ́ọ̀lù lójú tẹlifíṣọ̀n. Ó ní, "Àǹtí, ẹ máa fi eléyìí wá oúnjẹ." Ràfíátù tí kò mọ ìyàtọ̀ bọ́ọ̀lù àti ọsàn. Ó ti bẹ́ẹ̀dì ẹ̀ sẹ́yìn kọ́tìnì, ó tẹ́ ẹní sí iwájú yàrá, ni àwọn méètì bá ń wá sanwó gbá bọ́ọ̀lù lọ́dọ̀ ẹ̀.

Ẹ ò rí irú ibi ìgbábọ́ọ̀lù bẹ́ẹ̀ rí. Ó ra fèrè rẹfirí. Ẹni tó bá ṣépè, á fọn ọ́n sí i létí, á gba páàdì tó fi ń gbá a lọ́wọ́ ẹ̀. Tí wọ́n bá ti pe ìrun, á pa tẹlifíṣọ̀n, kódà kí bọ́ọ̀lù ti máa wọ àwọ̀n. Kwabena, ọ̀kan nínú àwọn méètì, sọ fún un lọ́jọ́ kan pé, "Màmá, èmi kì í kírun."

Ó ní, "Èmi ń kírun. Gbé páàdì sílẹ̀."

Ẹnikẹ́ni ò sì gbọ́dọ̀ wọ bàtà wọlé, torí orí ẹní yẹn náà ló ti ń kírun. Ọ̀rọ̀ bàtà yìí ló kó wa síjàngbọ̀n. Méètì tó ti fẹsẹ̀ kan dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn ọkọ̀ láti òwúrọ̀, tó wá bọ́ bàtà nínú yàrá tí kò ní ju fèrèsé kan lọ. Ẹ má jẹ́ n sọ ọ́ tán, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ jẹun ni. Ni Ràfíátù bá ń sun tùràrí. Ó ní ìkòkò amọ̀ kékeré kan tó ń kó ẹyin iná sí, á da tùràrí lé e, á gbé e sábẹ́ tábìlì tẹlifíṣọ̀n, yàrá á máa ta sánsán.

Lọ́jọ́ kan, mo ti Okaishie dé, níbi tí mo ti ń ta rọ́bà, mo yọjú sí i. Yàrá kún, ariwo ń sọ. Mo ní, "Ràfíá, ẹ̀rọ yìí mà ń ṣiṣẹ́ o. Ó ń bọ́ ẹ." Gbogbo ohun tí mo sọ nìyẹn. Ilẹ̀ mọ́, wọ́n ki síìdì bọ́ọ̀lù bọ̀ ọ́, ó kùn, ó kùn, ó kọ ọ́ sójú tẹlifíṣọ̀n pé òun ò rí síìdì kankan. Wọ́n yọ ọ́, wọ́n fi aṣọ nù ún, wọ́n tún kì í bọ̀ ọ́. Pàbó. Wọ́n gbé síìdì mìíràn sí i. Pàbó. Ẹnì kan ní kí wọ́n gbé e nàró, ẹnì kan ní kí wọ́n dojú ẹ̀ délẹ̀. Kwabena tiẹ̀ ń gbá a lẹ́yìn bí ọmọ tí eegun ẹja há lọ́fun.

Ràfíátù gbé e lọ bá Àkíbù tó ń tún ẹ̀rọ ṣe ní Circle. Ọmọ wa ni Àkíbù, Anago ni, bí wọ́n ṣe ń pe Yorùbá níbí, àmọ́ Yorùbá ẹnu ẹ̀ dà bí ẹ̀bà tí omi ò ká. Ó tú ẹ̀rọ, ó wò ó, ó nu nǹkan níbẹ̀, ó ní, "Màmá, ojú ni. Ojú ló ń dà á láàmú. Máa bò ó."

Ẹ̀rọ ṣiṣẹ́ díẹ̀, ó tún dáṣẹ́ sílẹ̀. Ó tún gbé e lọ. Àkíbù ní, "Ṣebí mo ti sọ fún ẹ. Ojú ni. O ò bò ó dáadáa."

Láti ìgbà yẹn, tí mo bá kí Ràfíátù, ìdajì ló ń dá mi lóhùn. Tùràrí wá di ìlọ́po méjì. Yàrá ń rú bí ibi tí wọ́n ti ń yan ẹja ní Chorkor. Mo gbé ọbẹ̀ wá fún un lọ́jọ́ Jímọ́ọ̀, bó ṣe rí mi báyìí, ó ju ìborùn ẹ̀ bo ẹ̀rọ.

Mo ní, "Ràfíá, kí lò ń fi pamọ́?"

"Ìyá Fèyí, má bínú. Wọ́n ní ojú ni."

"Ojú ta?"

Ó ń wo ilẹ̀. Àwọn méètì ń wò mí. Ọ̀kan nínú wọn rọra gbé páàdì ọwọ́ ẹ̀ sẹ́yìn.

"Mo ní ojú ta, Ràfíátù?"

"Ṣebí ìwọ lo yìn ín. Ilẹ̀ mọ́, kò ka síìdì mọ́."

Ojú mi. Ojú tó bá a ṣọ́ ọkọ ẹ̀ ní ọsibítù títí ọlọ́jọ́ fi dé. Mo gbé ọbẹ̀ mi sílẹ̀, torí n ò fẹ́ dà á sí i lórí. Mo ní, "Ràfíátù, tí ojú mi bá lè ba nǹkan jẹ́, ṣé gémù ni màá fi í ṣòfò lé lórí? Onílé wa ò sí níbẹ̀ ni? Dìde. Gbé e. Ẹni tó sọ ọ́ á tún un sọ lójú mi."

A bá Àkíbù nídìí tábìlì ẹ̀ lábẹ́ àtẹ̀gùn kan, láàárín àwọn tó ń ta fóònù. N ò kí i. Mo ní, "Ìwọ lo ní ojú mi burú?"

Ó ní, "Màmá, mi ò mọ̀ ẹ́ rí."

Ó ń pè mí ní "ìwọ" bí ẹni pé a jọ mu ọmú. Mo fi ìyẹn sílẹ̀, ìjà kan lẹ́ẹ̀kan. Mo ní kó tú ẹ̀rọ. Ó tú u, ó nàka sí nǹkan kékeré kan tó ń dán bíi dígí, kò tó hóró ẹ̀wà.

"Ojú gémù nìyí. Òun ló fi ń ka síìdì. Nǹkan ti bò ó, kò ríran."

Mo yíjú sí Ràfíátù. Ràfíátù ń wo fóònù àwọn ẹlẹ́gbẹ̀ẹ́ wa bí ẹni tó fẹ́ rà.

Àkíbù ki òwú bọ spírítì, ó nù ún. Òwú yẹn jáde, ó pọ́n bí omi tíì. Ó ní, "Eruku kì í rí báyìí." Ó gbé e símú. "Màmá, ṣé iwájú ẹ̀ lo ti ń yan ẹja ni?"

Mo já òwú gbà lọ́wọ́ ẹ̀. Mo gbóòórùn ẹ̀. Mo ní, "Àkíbù, ìyá ẹ ò sun tùràrí rí ni?"

Ó tún gbóòórùn ẹ̀, ó bú sẹ́rìn-ín. Ó fi fáànù inú ẹ̀rọ hàn wá, ó ní gbogbo èéfín yàrá lonítọ̀hún ń fà mu. Ẹ gbọ́ o. Ohun tí Ràfíátù ń sun kí ojú má baà mú ẹ̀rọ, òun gan-an ló ń fọ́ ẹ̀rọ lójú.

Ràfíátù ní, "Ìwọ Àkíbù, o sọ pé ojú ni."

"Ojú ni."

"O ò sọ pé ojú ẹ̀."

"Ta ló tún ní ojú níbẹ̀?"

Mo fẹ́ gbá àwọn méjèèjì létí. "Ẹ̀" lásán, ọ̀rọ̀ tí kò gùn tó ìwúkọ́. Ọ̀kan ò ní in lẹ́nu, èkejì ò bèèrè, èmi ni mo di àjẹ́ ní Cow Lane.

Nínú tròtrò, ó ń fọwọ́ kàn mí, mo ń yẹra. Ó ní, "Ìyá Fèyí, mo ti mọ̀ pé mo ṣì í."

Mo ní, "Má sọ fún èmi. Ibi tó o bá ti pọ̀ ọ́, ibẹ̀ ni wàá ti gbé e mì."

Nírọ̀lẹ́, àwọn méètì pé jọ. Ràfíátù ti gbé ìkòkò iná ẹ̀ síta, sẹ́gbẹ̀ẹ́ bàtà, níbi tó yẹ kó ti wà tẹ́lẹ̀. Ó fọn fèrè. Ó ní, "Ojú Ìyá Fèyí kọ́ o. Èéfín mi ni." Ó ṣí ìborùn kúrò lórí ẹ̀rọ. "Wá jókòó, ìyá. Wò ó."

Mo jókòó síwájú pátápátá, mo tẹjú mọ́ ọn. Kwabena ki síìdì bọ̀ ọ́. Ó kùn, ó kùn. Pápá bọ́ọ̀lù bá yọ lójú tẹlifíṣọ̀n, tútù mìnìjọ̀.

Mo gbóhùn sókè kí gbogbo wọn lè gbọ́. Mo ní, "Ràfíá, ẹ̀rọ yìí mà dára o."

Mo rí ọwọ́ ẹ̀ tó ń lọ síbi ìborùn. Ó wò mí. Ó fa ọwọ́ padà.