Ògiri tí Ìyàwó Ó-Ti-Pẹ́ Fọ̀

Títí dòní, bí àwọn tó ń ṣe fíìmù bá pé jọ, ìtàn ògiri tí ìyàwó Ó-Ti-Pẹ́ fọ̀ ni wọ́n máa kọ́kọ́ sọ. Obìnrin náà gbé oúnjẹ ọ̀sán lọ bá ọkọ rẹ̀ níbi iṣẹ́. Yàrá kan tí wọ́n fi pákó kàn ló bá níbẹ̀, ìdọ̀tí ọwọ́ yí ibi tí wọ́n ti ń tan iná ká. Ojú tì í. Òun tí ìdí ìkòkò rẹ̀ pàápàá ń dán, ṣé inú èérí báyìí ni wọ́n á ti bá ọkọ òun? Ó wá ọṣẹ, ó wá kànrìnkàn, ó fọ ògiri náà mọ́ tónítóní.

Ọjọ́ mẹ́rin gbáko lọkọ rẹ̀ fi kun ìdọ̀tí yẹn sára ògiri, kó lè jọ ti ogún ọdún.

Olùdarí fíìmù figbe bọnu: "Ta ló fọ ògiri mi?"

"Èmi ni, ọ̀gá. Ẹ má wulẹ̀ dúpẹ́."

Gbogbo ojú yí sọ́dọ̀ Ó-Ti-Pẹ́. Ó rọra ṣí oúnjẹ rẹ̀. "Ẹ má bá a wí. Ìdọ̀tí ogún ọdún ló fọ̀ kúrò níṣẹ́jú mẹ́wàá. Ta ló lè ṣe bẹ́ẹ̀ nínú yín?"

Òun ló ń kọ́ ilé tí wọ́n ń ya fíìmù nínú rẹ̀, kò sì gbà kí ohunkóhun níbẹ̀ jọ tuntun. Ìdí tí wọ́n fi sọ ọ́ ní Ó-Ti-Pẹ́ nìyẹn. Nígbà kan tó ra àga, ó ní kí kápẹ́ńtà fi ọ̀sẹ̀ kan jókòó lé e kí tìmùtìmù rẹ̀ lè tẹ̀.

"Ọ̀gá, iṣẹ́ kápẹ́ńtà ni mo wá ṣe o, kì í ṣe ìjókòó."

"Ìjókòó náà niṣẹ́. Tún ìjókòó rẹ ṣe, o ń jókòó bí àlejò."

Nílé, ogun ni. Ibi tó bá fọwọ́ tì, ìyàwó rẹ̀ á ti dé pẹ̀lú àkísà.

"Ìyá wọn, ilé tí kò ní àmì ọwọ́, ta ló ń gbé ibẹ̀?"

"Èmi ni. Ẹ bọ́ bàtà yín."

Ọkùnrin gíga náà á wá dúró lẹ́sẹ̀ kan lẹ́nu ọ̀nà, á na ọwọ́ di àtẹ́rígbà mú, á máa bọ́ bàtà, á máa rẹ́rìn-ín.

Lọ́dún tí Ó-Ti-Pẹ́ kú, àwọn ọmọ wọn ní kí akunlé tó bá a ṣiṣẹ́ rí wá tún ilé kùn. Kó tó bẹ̀rẹ̀, obìnrin náà ń wá àmì ọwọ́ ọkọ rẹ̀ kiri ara ògiri: ibi tí wọ́n ti ń tan iná, ẹ̀gbẹ́ ibùsùn, ọ̀dẹ̀dẹ̀. Kò rí nǹkan kan. Àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀ràn.

"Ọwọ́ ara mi ni mo fi nù ún kúrò," ló wí, omi bọ́ lójú rẹ̀.

Àánú ṣe akunlé. "Màmá, mo lè fi ọ̀dà ṣe àmì ọwọ́ Bàbá síbẹ̀. Àwọn ló kọ́ mi."

"Ṣé á jọ ọ́?"

"Á jọ ọ́ débi pé ẹ máa fọ̀ ọ́."

Ẹ̀rín pa á tòun ti ẹkún. Akunlé gun àkàbà. "Màmá, òkè ilẹ̀kùn yìí mà dọ̀tí o!"

Ó gbójú sókè. Ìka mẹ́rin rèé lára àtẹ́rígbà, dúdú kirikiri, níbi tí ọwọ́ òun, obìnrin kúkúrú, kò tó rí.

"Sọ̀ kalẹ̀! Tó o bá fọwọ́ kàn án, èmi pẹ̀lú rẹ ni!"

Wọ́n kun gbogbo ilé funfun, wọ́n sì fi ìka mẹ́rin yẹn sílẹ̀ bó ṣe wà. Bí àlejò bá sọ fún un pé òkè ilẹ̀kùn rẹ̀ dọ̀tí, kì í wá àkísà mọ́.

"Kò dọ̀tí," ni yóò wí. "Bàbá wọn ló ń bọ́ bàtà."