Iṣẹ́ Ọwọ́ Bàbá Rẹ̀mí Tí Wọ́n Fi Lé Ẹyẹ ní Ìrẹsà

Háà, Bàbá Rẹ̀mí, ẹ ti lọ, ó dàrìnnàkò! Ẹkún tí mò ń sun yìí, ìbínú pọ̀ nínú rẹ̀ ju ìbànújẹ́ lọ.

Ayafótò àdúgbò Takie, ọlọ́wọ́ jẹ́jẹ́, ẹni tí kì í ju bébà nù. Òyìnbó Jámánì tó ń kọ́ni nílùú yìí ló fún yín ní kámẹ́rà fíìmù tí a ń fi ọwọ́ yí nígbà tó ń padà sílé. Ó fi fíìmù ilẹ̀ wọn hàn yín, èyí tí wọ́n ṣe ní nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn. Kò sí ọ̀rọ̀ nínú rẹ̀, kò sí èèyàn. Igun àti ìlà nìkan ló ń tóbi, tó ń súnra kì, tó sì ń lọ. Ẹ délé, ẹ ní, "Ìyá Rẹ̀mí, mo rí orin tí kì í dún." Láti ọjọ́ náà lẹ ti ní ẹ ó ṣe tiyín.

Ọdún méjì la fi ṣe é. Èmi ń sún bébà tí ẹ gé díẹ̀díẹ̀, ẹ̀yin ń yà á lẹ́yọ lẹ́yọ. Àwòrán mẹ́rìndínlógún ni ìṣẹ́jú àáyá kan ń jẹ. Ìṣẹ́jú mẹ́ta péré, àwòrán 2,880; èmi ni mo kà á. Bí mo bá ń kánjú, ẹ ó ní, "Rọra. Ohun tí ọwọ́ bá fò, ojú yóò rí i."

Ìgbà tí ẹ wà ní ọsibítù ni àwọn àbúrò yín kó fíìmù náà lọ sóko ìrẹsì ní Ìrẹsà, wọ́n ta á káàkiri orí igi láti fi lé ẹyẹ. Mo figbe ta. Wọ́n ní, "Ìyàwó wa, ẹ rọra o! Fíìmù tí kò sọ̀rọ̀, tí kò léèyàn nínú, kí lẹ fẹ́ fi ṣe? Ó ṣáà ń dán." Ẹyẹ oko wo iṣẹ́ yín, àwọn ẹbí yín ò wò ó rí.

Lórí bẹ́ẹ̀dì, ẹ bi mí pé, "Ṣé ọ̀rinrin ò dé ibi agolo fíìmù wa?" Mo ní kò dé ibẹ̀. Irọ́ kan ṣoṣo tí mo pa fún yín lọ́dún mọ́kànlélọ́gbọ̀n nìyẹn, àwọn ló sì fi sí mi lẹ́nu.

Ọwọ́ mi ni mo fi tú u lórí igi. Mo kà á: 1,904 ló kù. 976 ti bàjẹ́, ìṣẹ́jú kan àti ìṣẹ́jú àáyá kan gbáko.

Lónìí, bí a bá ti ibojì dé, kí oúnjẹ tó jáde, a ó ta aṣọ bo fèrèsé pálọ̀, Rẹ̀mí yóò sì tan fíìmù náà sára ògiri. Bó bá tán, mo ní kó jẹ́ kí iná funfun lásán dúró síbẹ̀ fún ìṣẹ́jú àáyá mọ́kànlélọ́gọ́ta tó bàjẹ́ náà. Iwájú ni kí àwọn àbúrò yín jókòó sí. Èmi yóò máa kà á sí wọn létí.

Ẹ sùn re o, ọlọ́wọ́ jẹ́jẹ́. N kò ní fo ọ̀kan.