Sàréè Inú Pálọ̀ ní Ìsàlẹ̀ Èkó

Ní àkókò tí ọ̀nà ńlá tó so Èkó mọ́ Ìbàdàn ṣì jẹ́ tuntun, tí ọ̀dà rẹ̀ ṣì dúdú bí ẹni pé àná ni wọ́n dà á, ẹgbẹ́ àwọn àgbà ọkùnrin ìjọ wa ní Ṣàgámù pinnu láti lọ wo Erékùṣù Èkó. Kì í ṣe pé wọn kò tíì dé Èkó rí. Oníṣòwò obì ni ọ̀pọ̀ nínú wọn, wọ́n sì ti ń kó ẹrù lọ síbẹ̀ láti ìgbà èwe wọn. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń ta obì kì í wo ilé; agbọ̀n rẹ̀ ni ojú rẹ̀ ń bá lọ. Nítorí náà, akọ̀wé ẹgbẹ́ dá a lábàá pé kí wọ́n háyà bọ́ọ̀sì kan, kí wọ́n sì wá ọmọ Ìsàlẹ̀ Èkó kan tí yóò mú wọn kiri láti òwúrọ̀ títí di ọ̀sán, tí yóò sì máa ṣàlàyé ohun tí wọ́n bá rí. Bàbá mi ni ó kọ́kọ́ nawọ́ sókè. Ó ní, "Láti ọjọ́ tí mo ti ń náwó l'Ékòó, ẹ jẹ́ kí n lọ wo ohun tí wọ́n fi owó mi kọ́."

Èmi kì í ṣe ọmọ ẹgbẹ́ náà. Ìkẹ́nnẹ́ ni mo ń gbé nígbà náà, níbi tí mo ti jẹ́ ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́. Bàbá ló ní kí n bá òun lọ, nítorí pé ojú òun kò fi bẹ́ẹ̀ ríran mọ́ bí oòrùn bá mú. Mo gbà tayọ̀tayọ̀, nítorí ó ti pẹ́ tí èmi àti bàbá mi ti jọ jókòó láìjẹ́ pé ọ̀rọ̀ kan wà láàárín wa.

Ọ̀rọ̀ náà nìyí. Èrè obì ni bàbá mi fi kọ́ ilé rẹ̀ ní Ibido, àdúgbò kan ní Ṣàgámù, ó sì ti ń sọ fún wa láti ìgbà tí mo ti gbọ́n pé inú yàrá òun ni kí a sin òun sí bí ọjọ́ bá pé. Inú ilé ni wọ́n sin bàbá rẹ̀ sí. Inú ilé ni wọ́n sin bàbá bàbá rẹ̀ náà sí. Lójú rẹ̀, òkú tí a bá gbé lọ sí itẹ́ òkú ti di àlejò, ṣùgbọ́n èyí tó bá sùn sílé kò kúrò nílé, ó kàn dákẹ́ ni. Èmi kò fara mọ́ ọn. Mo ti ka ìwé, mo sì mọ bí a ṣe ń to ọ̀rọ̀: mo sọ ti ìjọ, mo sọ ti ìmọ́tótó, mo sọ ti ayé tó ti yí padà. Bàbá yóò gbọ́ gbogbo rẹ̀ títí dé òpin, yóò sì wí pé, "Ó dára. Ṣé o ti parí? Inú yàrá mi náà ni." Èmi ni àkọ́bí, ẹnu mi ni ẹbí yóò gbọ́ lọ́jọ́ náà. Ó ń fẹ́ kí n ṣèlérí fún òun, n kò sì ṣe é. Ọdún ń gorí ọdún, bàbá ń dàgbà sí i, ìlérí náà sì wà láàárín wa bí ìjókòó tí ẹnikẹ́ni kò jókòó lé.

A gbéra ní kùtùkùtù. Ẹnìkan ti din ọ̀jọ̀jọ̀ dání fún ìrìn-àjò náà, gbogbo bọ́ọ̀sì sì ń ta sánsán kí a tó jáde kúrò ní Ṣàgámù. Ọ̀rẹ́ bàbá mi kan, ará àdúgbò Ijoku, tí wọ́n jọ bẹ̀rẹ̀ òwò obì lọ́jọ́ kan náà, jókòó sí ẹ̀yìn wa. Kò sí ohun tí kò lè fi ṣẹ̀fẹ̀. Ó na ọrùn sí mi, ó ní, "Tíṣà, má ṣe bi wá ní ìbéèrè tí a bá padà dé o. Ìbéèrè ló lé mi kúrò ní súkúù."

Bàbá mi dá a lóhùn pé, "Irọ́ lò ń pa. Ẹgba ni."

"Ẹgba náà, kí ni ó ń tẹ̀lé? Ṣebí ìbéèrè ni!"

Èdè Rẹ́mọ ni wọ́n ń sọ, èyí tó ki bí ìkọ́kọrẹ́. Mo kàn kọ ọ́ síhìn-ín bí gbogbo ènìyàn yóò ṣe lè gbọ́ ọ.

Ìdúmọ̀tà ni afinimọ̀nà wa ti ń dúró dè wá, nítòsí ère àwọn ṣọ́jà tó wà níbẹ̀ nígbà náà. Ọkùnrin kan ni, tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba, ó dé fìlà aláràn-án, ó sì mú agbòòrùn tí kò ṣí lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo dání. Òun ló fi ń tọ́ka. Ó kí wa dáadáa, ó ní kí a má ya ẹsẹ̀ sọ́tọ̀, nítorí pé ẹni tó bá sọnù níbẹ̀, ọjà ni yóò gbé e lọ.

Mo gbọ́dọ̀ sọ òtítọ́: ó mọ iṣẹ́ rẹ̀. Ó mú wa gba Pópó Àgùdà kọjá, ó fi ilé àwọn tó ti òkè òkun Bùràsíìlì padà wálé hàn wá, pẹ̀lú òdòdó tí wọ́n fi sìmẹ́ńtì mọ sí òkè fèrèsé. Ó ní àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú lọ ni ìran wọn padà dé gẹ́gẹ́ bí mọlémọlé àti káfíńtà. Mo rò ó gidigidi, pé ẹni tí wọ́n fi ipá mú kúrò nílé ni ó wá kọ́ ilé tó lẹ́wà jù fún àwọn tó kù sílé. Mo fẹ́ sọ èrò yìí fún bàbá mi, ṣùgbọ́n ó ń fi ọwọ́ kan ògiri, ó ń wò ó bí ẹni ń yẹ obì wò bóyá kòkòrò ti wọ̀ ọ́.

Nígbà tí a dé iwájú ìgà, ààfin Ọba Èkó, bàbá wí pé ààfin Akárìgbò tiwa tóbi ju èyí lọ.

Afinimọ̀nà tẹríba díẹ̀. "Òótọ́ ni, Bàbá. Ẹ̀yin lẹ ní ilẹ̀ gbalasa. Àwa tiwa, omi ló ká wa mọ́; bí a bá na ẹsẹ̀ báyìí, inú ọ̀sà ló bọ́ sí." Ẹ̀rín pa gbogbo wa, bàbá mi náà rẹ́rìn-ín. Ó fẹ́ràn ẹni tó bá mọ bí a ṣe ń dáhùn.

Oòrùn ti ń mú nígbà tí ó ní ó ku ilé kan ṣoṣo. Àdúgbò tóóró kan ni a wọ̀, a sì dé iwájú ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àtijọ́ kan tí ọ̀dà ara rẹ̀ ti ń ṣí. Ó ní ọlọ́rọ̀ ńlá kan ló kọ́ ọ, ẹni tó mọ̀wé, tó sì bá àwọn òyìnbó dòwò pọ̀. Àti pé nígbà tó kú, kí òfin tó ka sísin òkú sínú ilé léèwọ̀, inú pálọ̀ rẹ̀ ni wọ́n sin ín sí. Ó ní kí a wọlé.

Lóòótọ́, sàréè náà wà níbẹ̀. Ó ga sókè díẹ̀ láàárín yàrá, òkúta dídán ni wọ́n fi bò ó, wọ́n sì gbẹ́ ọ̀rọ̀ sí i, ṣùgbọ́n àwọn lẹ́tà náà ti pa rẹ́. Bàbá mi bọ́ bàtà, ó ṣí fìlà. Lẹ́yìn náà ni ó yíjú sí mi. N kò tíì gbàgbé ojú náà. Ó rọra wí pé, "Èkó lèyí o. Ẹni tó mọ̀wé ni wọ́n pè é. Ibo ló sùn sí?"

Mo mọ̀ pé nígbà tí a bá délé, yóò béèrè ìlérí náà lẹ́ẹ̀kan sí i, àti pé ẹjọ́ mi kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ mọ́.

Aránṣọ kan wà nínú pálọ̀ náà, ìyá kan tó sanra, ó ti ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ fèrèsé. Bàbá mi kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ sàréè, ó kí olóògbé bí a ṣe máa ń kí baba nínú ilé. Ó wá kọjú sí obìnrin náà, ó sì kí i tìyẹ́sítìyẹ́sí bí a ti í kí ọmọ olókùú. "Ẹ kú ilé o. Ẹ kú ìtọ́jú Bàbá. Ọlọ́run kò ní jẹ́ kí ilé yìí tú."

Aránṣọ náà dìde, ó kúnlẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ti ń bọ́ lẹ́nu rẹ̀. "Háà, Bàbá! Ẹ ṣeun o, sà. Ayálégbé ni mí."

Ní Ṣàgámù ìgbà náà, ayálégbé lè gba yàrá tó wà lẹ́yìn. Kò sí ẹni tí yóò fi pálọ̀ tí baba sùn sí háyà. Bàbá mi kò lóye. Ó tún bi í pé, "Ìyàwó ilé ni yín, àbí ọmọ ọmọ?"

"Rárá o, Bàbá. Ìjẹ̀ṣà ni mí. N kò mọ̀ wọ́n rí. Àwọn tó ni ilé, ọ̀kan wà ní Lọ́ńdọ̀nù, èkejì ní Súrùlérè. Ti Súrùlérè ló máa ń wá gbowó ilé."

"Tó bá wá, ṣé ó máa ń kí baba rẹ̀?"

"Ẹnu ọ̀nà ló máa ń dúró sí, sà. Wọ́n ní eruku ń yọ wọ́n lẹ́nu." Ó wo ojú bàbá mi, ó sì yára fi kún un pé, "Ṣùgbọ́n mo máa ń gbá a láràárọ̀ o, Bàbá. N kì í jẹ́ kí àwọn ọmọdé fò lé e. Àwọn oníbàárà mi nìkan ló ń jókòó sí i tí wọ́n bá ń dúró de aṣọ. Ó máa ń tutù dáadáa."

Ọ̀rẹ́ bàbá mi láti Ijoku bú sẹ́rìn-ín. "Ẹ ò rí i pé olówó ṣì ń gba àlejò!" Àwọn tó kù rẹ́rìn-ín pẹ̀lú. Bàbá mi kò rẹ́rìn-ín. Ó gbàdúrà fún aránṣọ náà, àdúrà gígùn, èyí tí baba máa ń ṣe fún ọmọ. Lẹ́yìn náà ni ó wọ bàtà rẹ̀, ó sì jáde.

Ọ̀sán ti pọ́n nígbà tí a gba orí afárá padà. Inú bọ́ọ̀sì ń hó fún àwàdà, wọ́n sì ń jẹ ìyókù ọ̀jọ̀jọ̀. Bàbá kọ ojú sí fèrèsé. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ gbá a léjìká pé, "Kí ló dé? Ṣé Èkó ti jẹ owó rẹ lẹ́ẹ̀kan sí i ni?" Ó kàn mi orí.

Mo ti múra sílẹ̀ fún ìbéèrè rẹ̀, ṣùgbọ́n èyí tó bi mí nígbà tí a wọ ilé ní Ibido kì í ṣe èyí tí mo ń retí. Ó jókòó sí àga rẹ̀, ó ní kí n jókòó.

"Bí mo bá sùn sínú yàrá yìí, ta ni yóò máa gbá mi?"

Mo rò ó. Àbúrò mi ọkùnrin wà ní Kàdúná, ó sì ti kọ́ ilé síbẹ̀. Èyí obìnrin wà nílé ọkọ ní Ìsarà. Àbíkẹ́yìn wa ti lọ kàwé lókè òkun, kò sì tíì sọ ìgbà tí yóò padà. Nínú àwọn ọkùnrin, èmi nìkan ni mo wà nítòsí. Mo wá sọ ohun tí n kò rò pé mo lè sọ láyé mi: "Bàbá, tí mo bá fẹ̀yìn tì, n ó padà wá máa gbé ilé yìí. N ó ṣe é bí ẹ ṣe fẹ́."

Ohùn bàbá kò le rárá nígbà tó sọ̀rọ̀. "Mo mọ̀ pé ìwọ á wá. Àwọn ọmọ tìrẹ ńkọ́?"

Mo ní àwọn ọmọ tí èmi fúnra mi ń kọ́ ní ìwé kí wọ́n lè lọ jìnnà. Mo ń fi í yangàn.

"Ó ti tó," ni bàbá wí. "N kò béèrè ìlérí mọ́."

Bí mo ṣe borí nínú àríyànjiyàn tó ti gba ọ̀pọ̀ ọdún nìyẹn. Mo padà sí Ìkẹ́nnẹ́ ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, n kò sì rí ayọ̀ kankan nínú rẹ̀. Gbogbo ìwé tí mo kà kò ṣe ohun tí aránṣọ ará Ìjẹ̀ṣà náà ṣe, òun kò sì mọ̀ pé òun ṣe nǹkan kan. Ìmọ́tótó tí mo ń wí, ìjọ tí mo ń wí, kò sí èyí tó kàn bàbá mi nínú wọn. Ohun tó ń fẹ́ kò ju pé kí ó wà láàárín àwọn tirẹ̀. Ní pálọ̀ yẹn ló ti rí i pé ilé lè dúró ṣinṣin, kí àwọn tirẹ̀ má sí níbẹ̀.

Láìpẹ́ sí ìgbà náà, ó ránṣẹ́ pè mí pé kí n wá bá òun lọ sí itẹ́ òkú ìjọ, òun fẹ́ fi ibi tí òun yóò sùn sí han èmi àti alùfáà. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ ará Ijoku bá wa lọ, láìsí ẹni tó pè é. Bàbá mi wọ agbádá bí ẹni ń lọ wo ilẹ̀ tó fẹ́ rà. Ó kọjá àwọn ibi tó mọ́ tó sì tẹ́jú tí alùfáà ń fi hàn án, ó lọ dúró sí ìdí igi máńgòrò kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, níbi tí ilé-ìwé ìjọ ti bá itẹ́ pààlà.

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ pariwo. "Níbo? Ìwọ náà! Ṣé o kò rí ilé-ìwé ni? Tí máńgòrò bá pọ́n, àwọn ọmọ yẹn yóò máa sọ òkò lù ọ́ látàárọ̀ ṣúlẹ̀!"

"Ìyẹn ni mo ń wá," ni bàbá mi wí. "Ọmọ inú ilé lè tán nílé. Àwọn ọmọ tó ń sọ òkò sí máńgòrò kì í tán."

"Ó dáa. Kí wọ́n fi èmi sí ọ̀nà jíjìn díẹ̀. N kò fẹ́ òkò."

Ibẹ̀ náà ni a sin ín sí, ní ọdún díẹ̀ lẹ́yìn ìgbà náà. Nígbà tí mo lọ síbẹ̀ ní àsìkò máńgòrò tó kọjá yìí, kóró kan wà lórí òkúta rẹ̀, tí eyín ọmọdé ti ha mọ́ tónítóní. Mo gbá ewé kúrò, mo sì fi kóró náà sílẹ̀ níbi tó wà.