Mosún àti Ojú Màámi

Láàárọ̀ àná, ẹ̀rọ ìránṣọ kan bẹ̀rẹ̀ sí í dún nílé kejì, mo sì gbé ife tíì mi sílẹ̀. Ẹ̀yin ọmọ ìwòyí, bí ilé wa ní Òkè-Baálẹ̀ ṣe máa ń dún nìyẹn nígbà tí mo wà lọ́mọdé. Màámi, ọmọ Iléṣà, a máa ránṣọ lẹ́bàá fèrèsé kan ṣoṣo tó wà ní pálọ̀, nítorí iná mànàmáná ò ṣeé gbọ́kàn lé.

Mosún ọ̀rẹ́ mi, ọmọ òṣìṣẹ́ rélùwéè tí ilé wọn wà lẹ́yìn tiwa, a máa jókòó sílẹ̀ lẹ́sẹ̀ Màámi. Èmi rò pé àjákù aṣọ ló ń wá. Àṣé ojú Màámi ló ń wò, bí ìmọ́lẹ̀ ṣe ń bà lé ẹ̀rẹ̀kẹ́ kan, tí èkejì sì wà nínú òkùnkùn. Lọ́jọ́ kan, ó wò wọ́n títí wọ́n fi bi í bóyá ọbẹ̀ ló kù lẹ́nu àwọn.

Nígbà tó dàgbà, bàbá rẹ̀ fẹ́ kó ṣiṣẹ́ ìjọba, ṣùgbọ́n iṣẹ́ kámẹ́rà ló yàn, ó ń ya sinimá. Kì í to iná rẹpẹtẹ yí òṣèré ká. Ojú fèrèsé tàbí ẹnu ọ̀nà ló máa ń fi wọ́n sí, á jẹ́ kí kámẹ́rà dúró jẹ́ẹ́, kó máa wò wọ́n. Àwọn olùdarí eré ń ráhùn pé àwòrán rẹ̀ dúdú jù. Àwọn mìíràn gba iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Kò yí padà.

Lọ́dún tí àìsàn dá Màámi dúró sí Iléṣà, Mosún gbé kámẹ́rà wá. Ó ní òun fẹ́ yà wọ́n níbi tí wọ́n jókòó sí. Mo wo ọrùn wọn tó ti tín-ín-rín, ìtìjú mú mi.

Mo ní, “Àìsàn ìyá mi kọ́ lo máa fi ṣe sinimá.”

Màámi rọra sọ pé, “Jẹ́ kó yà mí. Ó ti ń wò mí tipẹ́.”

Mi ò gbà. Mosún ò bá mi jà. Ó kúnlẹ̀ kí Màámi, ó gbé àpò rẹ̀, ó lọ. Oṣù kan ò pé tí Màámi fi kú. Fọ́tò káàdì ìdìbò nìkan la rí lò fún ìsìnkú, ojú wọn níbẹ̀ funfun bí ẹni da ìyẹ̀fun lù ú, àmì dúdú ẹ̀rẹ̀kẹ́ wọn ò tilẹ̀ hàn.

Ọ̀pọ̀ ọdún la ò fi bára wa sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn tí mo gbọ́ ẹ̀rọ ìránṣọ yẹn lánàá ni mo pè é, mo tọrọ àforíjì. Ó ní òun ò bínú mọ́. Mo wá bi í ní ohun tó ń dà mí láàmú: “Ẹ̀rẹ̀kẹ́ wo ni àmì dúdú Màámi wà?”

“Òsì ni mo fẹ́ sọ,” ó ní, “àmọ́ mi ò lè búra.”

Àwọn ọmọ-ọmọ mi ń fi fóònù ya ọbẹ̀ kí wọ́n tó jẹ ẹ́. Mi ò bá wọn wí mọ́. Mosún ń bọ̀ lọ́jọ́ Sátidé. A ó jọ jókòó, a ó máa rán ara wa létí bí ìyá mi ṣe rí, níwọ̀n ìgbà tí a ṣì ń rántí díẹ̀.